Ṣó-gíláàsì puff-puff gba Mario, ṣùgbọ́n àwọn akọni tiwa dà?

Kò sí ọmọ Ṣómólú tàbí Bàrígà tí kò mọ ṣó-gíláàsì. Inú ẹ̀ ni ìyá oní-puff-puff ń kó ọjà sí, inú ẹ̀ náà ni àwọn tó ń ta ṣájà àti ìbòrí fóònù ń pàtẹ sí. Àwọn tó ń ṣe fèrèsé alumíníọ̀mù ládùúgbò ló ń kàn án, ẹ̀yìn ni wọ́n sì máa ń fi ìlẹ̀kùn ẹ̀ sí.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń kó ère géèmù jọ, Mario, Kratos, Pikachu, kí lẹ ń wá kọ́bọ́ọ̀dù òkèèrè olówó ńlá fún? Ṣó-gíláàsì yìí ti tó. (Ẹ má fojú dí i o, ẹlòmíì á kọ́kọ́ pe ère yín ní ọmọláńgidi.) Nígbà tí Toys "R" Us kógbá sílé ní Amẹ́ríkà lọ́dún 2018, wọ́n ta ọjà tán, wọ́n tún ta pẹpẹ tí wọ́n ń to ọjà sí. Ṣọ́ọ̀bù ló mọ bí wọ́n ṣe ń mú nǹkan kékeré wu ojú. Ẹ wo amiibo tí Nintendo gbé jáde lóṣù kọkànlá ọdún 2014. Ṣíìpù wà nísàlẹ̀ ẹ̀ tó ń bá ẹ̀rọ géèmù sọ̀rọ̀, síbẹ̀ àwọn kan ò yọ tiwọn nínú páálí rárá, wọ́n kàn ń wò ó ni.

Tó bá jẹ́ alókù lẹ fẹ́ rà, ẹ kọ́kọ́ tú gílóòbù inú ẹ̀. Kí meat pie má bàa tutù ni wọ́n ṣe fi síbẹ̀. PVC ni wọ́n fi ń ṣe ọ̀pọ̀ ère wọ̀nyí, ooru sì máa ń mú un rọ̀: ẹsẹ̀ á tẹ̀, Kratos á wá dúró bí ẹni tó mu ẹmu yó. Iná LED ni kẹ́ ẹ fi sí i. Ẹ sì gbé e kúrò lójú oòrùn, kí àwọ̀ wọn má bàa ṣí.

Ohun tó ká mi lára nìyí. Àwọn agbẹ́gilére wa ló gbẹ́ ère ìbejì tí àwọn òyìnbó fi gíláàsì yí ká nílé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé wọn. Lónìí, a ń kan gíláàsì fúnra wa, ère àjèjì ló ń kún inú ẹ̀. Ṣé a ò ní akọni ni? Comic Republic ní Guardian Prime. Láti ọdún 2012 ni Lagos Comic Con ti wà. Maliyo Games, ilé iṣẹ́ Èkó, ló ṣe géèmù Iwájú fún Disney lọ́dún 2024. Ní ti páálí, káàdì àti sítíkà, ta ló fẹ́ kọ́ àwọn atẹ̀wé Ṣómólú níṣẹ́?

Ìwé àṣẹ ló kù. Òfin Copyright Act 2022 ò ní kí ayàwòrán lọ forúkọ sílẹ̀ kí iṣẹ́ ẹ̀ tó di tiẹ̀. Torí náà, ẹni tó bá fi ẹ̀rọ 3D tẹ akọni ẹlòmíì jáde láìgbàṣẹ, tó ń tà á, ń wá ilé ẹjọ́ ni, ì báà jẹ́ yàrá ìyá ẹ̀ ló ti ń ṣe é. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin tẹ́ ẹ ni akọni náà, ẹ má bu owó tó máa lé ọmọ Bàrígà sá. Ẹ fún un níwèé àṣẹ kékeré: ère ọgọ́rùn-ún, ọdún kan, ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún owó tó bá wọlé. Ojú ìwé méjì ti tó. Bẹ́ ẹ bá kọ̀, àwọn tó ń ṣe ayédèrú ò ní bi yín kí wọ́n tó ṣe tiwọn.

Ẹ sì sọ fún oní-alumíníọ̀mù kó fi kọ́kọ́rọ́ sí ìlẹ̀kùn ẹ̀yìn yẹn. Ọmọ ẹ̀gbọ́n yín ọlọ́dún mẹ́ta ò mọ̀ pé wíwò nìkan ni wọ́n wà fún.