ÀKEEKÈÉ TA ỌMỌ LÓRU: Ẹ MÁ FI ABẸ GÉ E O!

Òru ni. Ìtọ̀ ń gbọ̀n ọmọ ọdún mẹ́ta, ó jí, ó ki ẹsẹ̀ bọ bàtà bàbá rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Igbe ta! Wọ́n tan iná, wọ́n rí àkeekèé tó ká ìrù sókè nínú bàtà.

Ni ará ilé bá pé jọ. Ìyá àgbà ní, "Ẹ mú abẹ wá, ẹ sín in!" Bàbá onílé ní kí wọ́n fi okùn so ẹsẹ̀ ọmọ. Aládùúgbò ti lọ gbé kẹrosíìnì.

Ẹ̀yin èèyàn wa, báyìí ló ń rí ní ọ̀pọ̀ ilé. Ṣùgbọ́n kò sí èyí tó dáa nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Abẹ ń dá egbò sílẹ̀, okùn ń dí ẹ̀jẹ̀ lọ́nà, kẹrosíìnì ń bó ara. Oró ò ní tìtorí wọn jáde.

Kí wá ni ṣíṣe? Ẹ fi ọṣẹ àti omi fọ ojú ibẹ̀, kí ẹ fi aṣọ tí ẹ rì sínú omi tútù lé e. Tó bá jẹ́ ọmọdé, ẹ gbé e, ó di ọsibítù! Ara ọmọ kéré, oró tí àgbà máa fara dà lè pa á. Bó bá ń bì, tó ń làágùn, tí itọ́ ń dà lẹ́nu rẹ̀, tí kò lè mí dáadáa, ọ̀rọ̀ ti kọjá eré nìyẹn. Ẹ má dúró de ilẹ̀ mímọ́.

Ẹ má sì fi títóbi díwọ̀n oró. Àkeekèé dúdú ńlá inú igbó wa, tó lè gùn tó 20 sẹ̀ǹtímítà, ẹ̀rù rẹ̀ ló pọ̀. Fún àgbàlagbà, títa rẹ̀ kì í sábà ju ti oyin lọ. Àwọn tí ọwọ́ wọn tín-ín-rín, tí ìrù wọn sì ki, ló léwu jù, pàápàá lókè Ọya.

Àkeekèé kì í wá èèyàn wá. Aáyán àti ìrẹ̀ ló ń wá kiri lóru. Ilé tí aáyán bá pọ̀ sí, oúnjẹ ti délẹ̀ fún un nìyẹn! Ẹ má to igi ìdáná àti búlọ́ọ̀kù ti ara ilé. Ẹ dí abẹ́ ilẹ̀kùn. Ẹ ki etí nẹ́ẹ̀tì ẹ̀fọn bọ abẹ́ ẹní. Ẹ tan tọ́ọ̀ṣì kí ẹ tó sọ̀ kalẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì.

Àwọn àgbà ní àkeekèé ò ṣeé dì níbò. Kò ṣeé wọ̀ mọ́ bàtà náà o. Ẹ gbọn bàtà yín láàárọ̀, ẹ gbọn ti ọmọ yín pẹ̀lú.