Bí Ilé Ẹjọ́ Ṣe Ń Mú Káńsù Dáhùn Ẹ̀sùn Aráàlú

Ìjọba ìbílẹ̀ ni ìjọba tó sún mọ́ ẹnu ọ̀nà aráàlú jù lọ, nítorí òun ni ìwé òfin Nàìjíríà ti ọdún 1999 gbé ọjà, ibùdókọ̀, gọ́tà, ojú ọ̀nà àdúgbò àti kíkó ìdọ̀tí lé lọ́wọ́. Síbẹ̀, ẹni tí àgbàrá ń ya wọ ilé rẹ̀ nítorí gọ́tà tó dí, tàbí ìyá ọlọ́jà tí wọ́n ti ìsọ̀ rẹ̀ pa láìsọ ohun tó ṣe fún un, lè kọ ìwé ẹ̀sùn sí káńsù títí kó má rí èsì gbà. Ìdákẹ́ yìí burú ju ìpinnu tí kò tẹ́ni lọ́rùn lọ, nítorí ẹni tí wọ́n bá sọ fún pé rárá ti mọ ohun tí yóò takò, ṣùgbọ́n ẹni tí wọn kò dá lóhùn kò rí nǹkan kan dì mú.

Ilé ẹjọ́ kì í gba iṣẹ́ káńsù ṣe. Adájọ́ kò ní sọ iye tó yẹ kí owó ìsọ̀ jẹ́. Ohun tí yóò yẹ̀ wò ni bóyá òfin fún káńsù ní agbára tó lò, bóyá ó gbọ́ tẹnu ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn, àti bóyá kò fi ọ̀rọ̀ náà falẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ. Nínú ẹjọ́ kan tí wọ́n dá ní ọdún 1863, ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso àdúgbò Wandsworth ní London ti wó ilé tí ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Cooper ń kọ́ lọ́wọ́, wọ́n ní kò fi tó àwọn létí ní ọjọ́ 7 ṣáájú kó tó fi ìpìlẹ̀ lélẹ̀. Òfin fún wọn láṣẹ láti wó o, kò sì sọ pé kí wọ́n kọ́kọ́ gbọ́ tẹnu onílé, ṣùgbọ́n àwọn adájọ́ dá Cooper láre, wọ́n ní bí òfin tilẹ̀ dákẹ́, ẹ̀tọ́ ni kí wọ́n gbọ́ tẹnu rẹ̀. Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Nàìjíríà jogún ìlànà yìí, ó sì kọ ọ́ sínú ìwé òfin rẹ̀: abala 36 ní òfin tó bá fún aláṣẹ ní agbára láti pinnu ọ̀rọ̀ tó kan ẹ̀tọ́ ènìyàn gbọ́dọ̀ fún ẹni náà láyè láti sọ tirẹ̀ kí ìpinnu tó wáyé.

Bí káńsù bá kọ̀ láti ṣe iṣẹ́ tí òfin gbé lé e lọ́wọ́, Ilé Ẹjọ́ Gíga lè fi àṣẹ tí àwọn amòfin ń pè ní mandamus pàṣẹ fún un pé kó ṣe é. Ẹni tó ń béèrè rẹ̀ ní láti fi hàn pé òun ti kọ́kọ́ béèrè lọ́wọ́ káńsù fúnra rẹ̀ àti pé wọn kò ṣe é, èyí ló sì mú kí ẹ̀dà ìwé ẹ̀sùn, tí akọ̀wé káńsù lu òǹtẹ̀, tó kọ ọjọ́ sí, tó sì fọwọ́ sí, ṣe pàtàkì ju ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ ẹnu lọ. Àkókò kì í dúró de olùpẹ̀jọ́ náà: ní ìpínlẹ̀ Èkó, oṣù 3 ni òfin ilé ẹjọ́ fún ẹni tó fẹ́ kí wọ́n yẹ ìgbésẹ̀ ìjọba wò.

Òfin òmìnira ìròyìn ti ọdún 2011 tún ṣe kedere jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọjọ́ 7 ni ilé iṣẹ́ ìjọba ní láti dáhùn ẹni tó béèrè ìròyìn, wọ́n sì lè fi ọjọ́ 7 mìíràn kún un nígbà tí ìdí bá wà. Bí wọ́n bá dákẹ́, òfin ka ìdákẹ́ náà sí kíkọ̀, ẹni náà sì ní ọjọ́ 30 láti gba ilé ẹjọ́ lọ. Ní oṣù Kẹrin ọdún 2025, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé òfin yìí de gbogbo ìpínlẹ̀.

Ìròyìn nìkan ni iye ọjọ́ wọ̀nyí wà fún. Ẹ̀sùn nípa gọ́tà, ìsọ̀ tàbí owó orí kò ní irú gbèdéke bẹ́ẹ̀, nítorí náà adájọ́ ní láti fi òye ara rẹ̀ wọn bí ìfàfalẹ̀ ṣe pọ̀ tó, ẹjọ́ náà fúnra rẹ̀ sì lè falẹ̀, kó sì ná aráàlú lówó tí kò ní. Àwọn ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ìpínlẹ̀, tí òfin fún lágbára láti ṣe òfin lórí ìṣètò àti iṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀, lè kọ iye ọjọ́ tí káńsù gbọ́dọ̀ fi dáhùn ẹ̀sùn sínú òfin, kí ilé ẹjọ́ lè rí ohun tí yóò dì mú nígbà tí káńsù bá dákẹ́.