Ẹ̀rín Tó Há Sáàárín Ilẹ̀kùn Méjì

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ Baba Sálà, kí ni ó ń pa yín lẹ́rìn-ín gan-an? Kì í ṣe táì labalábá Moses Ọláìyá, ẹni tó ń ṣe Baba Sálà, tó fẹ̀ ju ọrùn lọ nìkan. Ìwọra ni. Ahun ni, olójúkòkòrò ni, obìnrin kan ò sì lè kọjá níwájú rẹ̀ kó má yíjú. Ká ní ẹ̀gbọ́n wa nílé ló ń hu irú ìwà bẹ́ẹ̀, ẹkún la ó máa sun. Nígbà tó gbé e wọnú sinimá, nínú Ọ̀run Móoru ọdún 1982 tí Ọlá Balógun darí, ìwọra yẹn náà ni gbájú-ẹ̀ fi mú un.

Ohun tí mò ń rò nìyẹn nígbà tí mo jókòó wo Adam Sandler, aláwàdà ará Amẹ́ríkà.

Sandler ò ní ẹgbẹ́ eléré, kò ní aṣọ eré. Ọmọ ọdún 17 ni nígbà tó kọ́kọ́ di máìkì mú níwájú èrò ní Boston. Iṣẹ́ kéèyàn dá dúró ṣàwàdà dà bí ti alága ìdúró níbi ìdána tí kò sí alága ìjókòó tí yóò dá a lóhùn: bí wọn ò bá tètè rẹ́rìn-ín, o gbé. Etí ni wọ́n fi ń ṣe é. Aláwàdà á sọ̀rọ̀, á dákẹ́ díẹ̀, á gbọ́ ibi tí ẹ̀rín dé, kó tó sọ òmíràn lù ú. Ṣùgbọ́n níwájú kámẹ́rà, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ rẹ́rìn-ín.

Fíìmù apanilẹ́rìn-ín Hollywood ló sọ ọ́ di olówó. Púpọ̀ nínú wọn ò dùn mọ́ mi. Àwọn ọmọ ìyá méjì, Josh àti Benny Safdie, ló wá fi ojúkòkòrò lé e lọ́wọ́. Nínú Uncut Gems ti ọdún 2019, Howard ló ṣe, oníṣòwò òkúta iyebíye ní New York, tó jẹ gbèsè káàkiri, tó sì ń fi owó olówó ta tẹ́tẹ́. Ó ní ìyàwó nílé, àlè rẹ̀ wà ní ṣọ́ọ̀bù. Ẹ ò rí Baba Sálà? Fíìmù náà gba àmì-ẹ̀yẹ Independent Spirit fún un lọ́dún 2020. Àwọn Oscar ò tilẹ̀ dárúkọ rẹ̀.

Ṣọ́ọ̀bù Howard ní ilẹ̀kùn onígíláàsì méjì tí ọta ìbọn ò lè wọ̀. Èèyàn á dúró láàárín wọn títí ẹni inú ilé á fi tẹ bọ́tìnnì. Nígbà tí ọ̀rọ̀ dójú ẹ̀, ó ti àwọn tó jẹ lówó mọ́bẹ̀, àna rẹ̀ ló sì ṣáájú wọn. Wọ́n ń làágùn, wọ́n ń bú u. Lórí tẹlifíṣọ̀n, òun ń wo bọ́ọ̀lù alápẹ̀rẹ̀ tó ta tẹ́tẹ́ lé, ó ń fò sókè. Ká ní Baba Sálà ló ti àna rẹ̀ mọ́ ẹnu ọ̀nà, a ò bá máa yí gbirigbiri lórí ẹní. Èmi náà bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín, ó sì há mi lọ́fun.

Tẹ́tẹ́ náà jẹ. Ó tẹ bọ́tìnnì, ó ṣílẹ̀kùn fún wọn, ẹ̀rín ṣì kún ẹnu rẹ̀.