Ìwọ̀n Àyè àti Iye Ohun-Èlò Ilé Kíkọ́ ní Ilẹ̀ Èkìtì

Ní ayé àtijọ́, ní Adó-Èkìtì àti ní àwọn ìlú tí ó yí i ká, bí Ìyìn, Ìgèdè àti Ìfàkì, ọ̀mọlé kì í ra amọ̀. Ìtòsí ibi tí ilé yóò dúró sí ni wọ́n ti ń wà á. Wọn a pò ó, wọn a sì fi mọ ògiri ní ìpele-ìpele. Bí amọ̀ bá tán, ilẹ̀ kò tán. Wọn a tún gbẹ́ ẹ sí i. Bí ògiri ti ń ga ni kòtò ń jìn. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ iye amọ̀ tí ó wọ ilé bàbá rẹ̀ lè lọ wo kòtò ẹ̀yìnkùlé. Bí olórí ọ̀mọlé bá tilẹ̀ ṣe àṣìṣe nínú ìwọ̀n, ohun tí onílé yóò pàdánù kò ju òógùn àwọn ọlọ́wẹ̀ lọ.

Ilé onísìmẹ́ńtì kò rí bẹ́ẹ̀. Owó ni a fi ń ra gbogbo ohun tí ń wọ inú rẹ̀, ọ̀nà tí a sì ń gbà wọ̀n wọ́n kò dọ́gba. Bí sìmẹ́ńtì ti wúwo tó ni a fi ń tà á, 50 kg ní àpò kan. Iyanrìn àti òkúta wẹ́wẹ́ ń bọ̀ nínú típà, àyè tí wọ́n gbà ni a sì ń san owó lé lórí. (Òkúta kò ṣọ̀wọ́n ní Èkìtì, ẹni tí ó bá ti dúró lábẹ́ Olósùnta ní Ìkẹ́rẹ́ kò nílò ẹlẹ́rìí.) Kí a tó lè ṣe ìṣirò, a ní láti sọ sìmẹ́ńtì pàápàá di ìwọ̀n àyè. Àpò kan, bí a bá tú u sílẹ̀, ń gba nǹkan bí 0.035 kúbíìkì mítà. Kúbíìkì mítà kan ni àyè inú àpótí tí gígùn, ìbú àti gíga rẹ̀ jẹ́ mítà kọ̀ọ̀kan.

Kí a sọ pé ẹnì kan ní Adó fẹ́ da kọnkéré sí ilẹ̀ yàrá tí gígùn rẹ̀ jẹ́ mítà 4, tí ìbú rẹ̀ jẹ́ mítà 3, kí kọnkéré náà sì nípọn tó 10 cm, èyíinì ni mítà 0.1. Bí ó bá sọ iye mẹ́tẹ̀ẹ̀ta di púpọ̀ pẹ̀lú ara wọn, yóò rí 1.2 kúbíìkì mítà. Àpòpọ̀ tí àwọn bíríkìlà mọ̀ dáadáa ni ìdá 1 sìmẹ́ńtì, ìdá 2 iyanrìn àti ìdá 4 òkúta; gbogbo rẹ̀ jẹ́ ìdá 7. Onílé a pín 1.2 sí ọ̀nà 7, a wo iye àpò tí ó wà nínú ìdá kan, a sì rí i pé àpò 5 tó. Ibí yìí gan-an ni ó ti ṣìnà.

Ẹni tí ó mọ ọjà kò yẹ kí ó ṣe irú àṣìṣe yìí. Bí ènìyàn bá da kóńgò ẹ̀wà kan àti kóńgò gàrí kan sínú abọ́ kan, tí ó sì mì í pọ̀, kò ní rí kóńgò méjì mọ́, nítorí pé gàrí ti wọ àlàfo tí ó wà láàárín ẹ̀wà. Bẹ́ẹ̀ ni iyanrìn ń wọ àlàfo òkúta, tí sìmẹ́ńtì sì ń wọ àlàfo iyanrìn. Nítorí náà, kí kọnkéré tútù tó pé 1.2, ohun gbígbẹ tí a ó kó jọ gbọ́dọ̀ tó ìlọ́po kan àti ààbọ̀ rẹ̀, èyíinì ni 1.8. Bí a bá pín èyí sí ọ̀nà 7, ìdá kan fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 0.26. Àpò 8 ni ó yẹ kí onílé rà, kì í ṣe 5.

Kí ni yóò ṣẹlẹ̀ bí ó bá ra 5? Bí kò bá sí owó mọ́, bíríkìlà yóò fẹ́ fa sìmẹ́ńtì náà gùn kí ó lè kárí yàrá. Ìdá 1 sí 2 sí 4 yóò wá di 1 sí 3 sí 6, èyí tí ó yẹ fún ìtẹ́lẹ̀ lásán lábẹ́ ìpìlẹ̀. Lórí ilẹ̀ yàrá, ó lè máà ju kí ó sán lọ. Nínú òpó tàbí dẹ́kì tí ènìyàn ń sùn lábẹ́ rẹ̀, ẹ̀mí ni a fi ń ṣeré.

Iyanrìn náà ní ẹ̀tàn tirẹ̀. Ní àkókò òjò, iyanrìn tí omi rin díẹ̀ a máa wú, nítorí omi fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí ó bo hóró kọ̀ọ̀kan kì í jẹ́ kí wọ́n sún mọ́ra. Ó lè fi ìdá kan nínú mẹ́rin tóbi ju ti gbígbẹ lọ. Ẹni tí ó ra típà kan lẹ́yìn òjò ti san owó afẹ́fẹ́ mọ́ ti iyanrìn. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ lè dán èyí wò: kí wọ́n bu iyanrìn rírin kún ife láìtẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, kí wọ́n dà á sílẹ̀, kí wọ́n bu omi dé ìdajì ife náà, kí wọ́n sì rọra da iyanrìn padà sínú rẹ̀. Kò ní kún ife mọ́.

Páànù tí àwọn alágbàṣe ń rù kì í ṣe òṣùwọ̀n tí ó ṣeé gbẹ́kẹ̀lé. Ẹnì kan a bu tirẹ̀ kún bí òkìtì, ẹlòmíràn a sì bu ìdajì. Àpótí onípákó tí inú rẹ̀ gùn ní 40 cm, tí ó fẹ̀ ní 35 cm, tí ó ga ní 25 cm, gba àyè kan náà pẹ̀lú àpò sìmẹ́ńtì kan, gbẹ́nàgbẹ́nà sì lè kàn án láàárọ̀ ọjọ́ kan. Ní ọjà, oníbàárà a máa bẹ ìyá olóúnjẹ kí ó jẹ́ kí kóńgò ga lórí. Níbi kọnkéré, igi ni a fi ń gé orí àpótí kí ó tẹ́jú. Fún yàrá tí a mẹ́nu kàn lókè, àpótí iyanrìn 15 àti àpótí òkúta 30 ni yóò bá àpò sìmẹ́ńtì méje àti ààbọ̀ lọ. Ààbọ̀ àpò tí ó kù wà fún èyí tí ó bá dànù.