Ẹ̀tọ́ Ẹni Tó Ń Fi Ọwọ́ Ṣiṣẹ́ Jẹun

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun Ọba tó tún jẹ́ kí ojú wa rí oṣù Ràmàdáánì. Ọ̀rọ̀ wa tòní dá lórí àwọn lébìrà, bíríkìlà, alábàárù, wẹ́dà àti irú wọn.

Àwọn kan máa ń fojú tẹ́ńbẹ́lú wọn. Kò yẹ bẹ́ẹ̀. Iṣẹ́ káfíńtà ni Ànọ́bì Sakariyáù ṣe. Ọba ni Ànọ́bì Dáúdà, síbẹ̀ iṣẹ́ ọwọ́ ara rẹ̀ ló ń jẹ. Ẹ̀wù irin ogun ló ń rọ. Ànọ́bì wa Muhammad (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) da ẹran fún àwọn ará Mẹ́kà, wọ́n sì sanwó fún un. Ta ló wá kù tí a ó pè ní ẹni yẹpẹrẹ torí pé ó ru búlọ́ọ̀kù?

Iṣẹ́ náà le, àgàgà nínú ààwẹ̀. Ẹni tó jẹ sààrì, tó wá ń po kọnkéré nínú oòrùn ọ̀sán, kí ló kù lára rẹ̀? Ohun tí àwọn onímọ̀ sọ ni pé kó dá àníyàn, kó bẹ̀rẹ̀ ààwẹ̀ rẹ̀. Bó bá le débi tí ẹ̀mí tàbí ìlera rẹ̀ fẹ́ wà nínú ewu, kó ṣínu, kó sì san án padà lẹ́yìn oṣù. Àmọ́ kí ẹnikẹ́ni má fi iṣẹ́ bojú o.

Ẹ̀yin ọ̀gá ńkọ́? Ànọ́bì kọ́ wa pé ará wa ni àwọn tó wà lábẹ́ wa: ká má di ẹrù tó ju agbára wọn lọ rù wọ́n, bí a bá dì í, ká bá wọn gbé e. Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí iṣẹ́ tó le jù bọ́ sí òwúrọ̀. Ẹ má sì dá owó wọn dúró. Ọlọ́hun fúnra Rẹ̀ ni yóò bá ẹni tó gba iṣẹ́ pé tí kò sanwó ṣẹjọ́ ní ọjọ́ Àlùkìyámọ̀.

A ń rí ẹni tó ń se ìrẹsì ìṣínu fún gbogbo àdúgbò, tó sì jẹ́ pé "lọ, kó o padà wá lọ́la" ni lébìrà rẹ̀ ń gbọ́. Sàráà kì í san gbèsè. Ẹ kọ́kọ́ san ẹ̀tọ́, kẹ́ ẹ tó ṣe sàráà.

Ẹ rántí àwọn 3 tí òkúta dí mọ́ inú ihò. Òṣìṣẹ́ ọ̀kan nínú wọn fi owó ọ̀yà rẹ̀ sílẹ̀ lọ. Ọ̀gá náà tọ́jú rẹ̀ títí ó fi di agbo màlúù. Nígbà tí onítọ̀hún dé, gbogbo rẹ̀ ló kó fún un. Iṣẹ́ yìí wà lára ohun tí wọ́n fi bẹ Ọlọ́hun tí òkúta fi ṣí.

Kí Ọlọ́hun gba ààwẹ̀ wa, kó fi àlùbáríkà sí òógùn ojú wa. Àmín.