Ìwé adójútòfò inú ọkọ̀: ẹni tí ọkọ̀ gbá ló wà fún

Bí ọkọ̀ bá gbá èèyàn ní Èkó tàbí n'Íbàdàn, gbogbo wa la mọ bó ṣe máa ń rí. Èrò á pé lé wọn lórí, wọ́n á gbé ẹni tó fara pa lọ sí ọsibítù, dẹ́rẹ́bà á sì bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀bẹ̀. Àwọn àgbà á dá sí i. Dẹ́rẹ́bà á ní òun á san owó oògùn, ó sì lè san ti ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ kó tó di pé wọ́n ń pè é tí kò gbé fóònù mọ́. Nínú gbogbo àpérò yẹn, ó ṣọ̀wọ́n kí ẹnikẹ́ni tó béèrè pé: ilé-iṣẹ́ adójútòfò wo ló ni ìwé ọkọ̀ yìí?

Ìbéèrè yẹn ló yẹ kó ṣáájú ẹ̀bẹ̀. Òfin tí ìjọba òyìnbó ṣe ní 1945 ló ti sọ ọ́ di dandan pé kí ọkọ̀ tó ń rìn lójú títì ní Nàìjíríà ní adójútòfò tí gbogbo ayé ń pè ní third party. Ọ̀pọ̀ onímọ́tò gbà pé torí ọlọ́pàá làwọn ṣe ń rà á. Rárá o. Ẹlẹ́sẹ̀ tó ń sọdá títì ló wà fún, àti ọlọ́kadà tí wọ́n kọlù, àti èrò tó sanwó wọ ọkọ̀ akérò. Orúkọ ẹni tó ni ọkọ̀ ló wà lórí ìwé, ṣùgbọ́n ẹni tí ọkọ̀ náà ṣe léṣe ni owó rẹ̀ wà fún.

Láti oṣù kìíní 2023 ni owó rẹ̀ fún ọkọ̀ àdáni ti kúrò ní ₦5,000 di ₦15,000 lọ́dún. Bí ọkọ̀ náà bá ba dúkìá ẹlòmíràn jẹ́, ₦3,000,000 ni òpin ohun tí ilé-iṣẹ́ adójútòfò máa san. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ èèyàn ló fara pa tàbí tó kú, òfin kò fi òdiwọ̀n sí i. Owó ìtọ́jú, owó iṣẹ́ tí ẹni náà kò lè ṣe mọ́, ẹsẹ̀ tí wọ́n gé, gbogbo rẹ̀ ló ṣeé béèrè. Ká ní àwọn ará wa mọ èyí ni, mi ò rò pé ẹni tí egungun itan rẹ̀ kán á gba ₦50,000 lẹ́bàá ọ̀nà, kó sì fọwọ́ sí bébà pé ọ̀rọ̀ ti parí.

Nọ́ńbà ọkọ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ kọ sílẹ̀. Ẹ tẹ *565*11# lórí fóònù, ẹ ó sì rí i bóyá ìwé ọkọ̀ náà wà lákọsílẹ̀ ní NIID, níbi tí àwọn ilé-iṣẹ́ adójútòfò ń kó orúkọ àwọn oníbàárà wọn sí. Ó ṣe pàtàkì, torí ayédèrú ìwé pọ̀ nígboro. Bó bá jẹ́ ayédèrú, ẹni tó ni ọkọ̀ fúnra rẹ̀ lẹ máa dojú kọ. Lẹ́yìn náà, ẹ gba ìwé lọ́wọ́ ọlọ́pàá, ẹ gba ti dókítà, ẹ má sì sọ rìsíìtì kankan nù, torí ẹni tó fara pa ló gbọ́dọ̀ fi hàn pé àìbìkítà dẹ́rẹ́bà ló fa ìjàm̀bá náà.

Ibẹ̀ gan-an ló ń dùn mí. Aláìsàn tó wà lórí bẹ́ẹ̀dì la ní kó máa sáré kiri. Ẹ kọjá ẹnubodè Sèmè bọ́ sí Benin, ọ̀rọ̀ yí padà. Lábẹ́ òfin CIMA tí Benin, Togo àti àwọn orílẹ̀-èdè mìíràn tó ń sọ Faransé jọ ń lò, ilé-iṣẹ́ adójútòfò fúnra rẹ̀ ló gbọ́dọ̀ gbé iye tó fẹ́ san wá bá ẹni tó fara pa, láàárín oṣù 12 sí ọjọ́ ìjàm̀bá. Bí ẹni náà bá kú, oṣù mẹ́jọ ni wọ́n fún wọn láti gbé e wá bá ẹbí. Ọkọ̀ Nàìjíríà tó bá sì gbá èèyàn ní Àjàṣẹ́, òfin Benin ni wọ́n máa fi ṣírò owó rẹ̀, lábẹ́ ètò Brown Card tí àwọn orílẹ̀-èdè ECOWAS fọwọ́ sí ní Kútọnu ní 1982. Ará Àjàṣẹ́ tí ọkọ̀ wa gbá ní gbèdéke tó lè dì mú; ará Badagry tí ọkọ̀ kan náà gbá kò ní irú rẹ̀.

Láti ọjọ́ kìíní oṣù kejì 2025 ni àwọn ọlọ́pàá Nàìjíríà ti ń yẹ ìwé adójútòfò yìí wò lójú títì. Ó dáa bẹ́ẹ̀. Àmọ́ orúkọ ilé-iṣẹ́ àti nọ́ńbà ìwé náà wà níbẹ̀ níwájú wọn. Bí ìjàm̀bá bá ṣẹlẹ̀, kí wọ́n kọ méjèèjì lé ẹbí ẹni tó fara pa lọ́wọ́ lọ́jọ́ náà gan-an, kí dẹ́rẹ́bà tó kúrò ní tẹ́ṣàn.