Soleil Ô: Àlejò Tí Ìlú Paris Kò Gbà Sílé

Ọdún 1970 ni fíìmù Soleil Ô, tí Med Hondo ṣe, jáde. Inú orin àwọn ará Karíbíánì kan ni orúkọ rẹ̀ ti wá, orin ìrora àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti Dàhómì, tí í ṣe orílẹ̀-èdè Benin lónìí.

Ọmọ Mauritania ni Hondo. Nígbà tó dé ilẹ̀ Faransé, ó ṣe alásè, ó ṣiṣẹ́ ní èbúté, kó tó di òṣèré orí ìtàgé. Owó péréte ló fi ya fíìmù yìí.

Ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ yẹ ní wíwò dáadáa. Àwọn ọkùnrin adúláwọ̀ kan dúró níwájú àlùfáà, wọ́n ń tọrọ ìdáríjì. Ẹ̀ṣẹ̀ tí wọ́n ń jẹ́wọ́ ni pé wọ́n sọ èdè ìyá wọn. Àlùfáà ṣe ìrìbọmi fún wọn, ó sọ wọ́n lórúkọ Faransé. Láìpẹ́, wọ́n dorí àgbélébùú ọwọ́ wọn kodò, ó di idà, wọ́n sì kọjú ìjà síra wọn.

Lẹ́yìn èyí ni akáwùntáǹtì kan, tí Robert Liensol ṣe, dé Paris. Tayọ̀tayọ̀ ló fi wá, torí wọ́n ti kọ́ ọ pé ilé rẹ̀ nibẹ̀. Ó wáṣẹ́ títí, ilẹ̀kùn ń tì mọ́ ọn lójú. Nígbà tí adúláwọ̀ kan àti obìnrin òyìnbó kan jọ ń rìn ní Champs-Élysées, àwọn tó ń kọjá ranjú mọ́ wọn, Hondo sì fi igbe ẹran ọ̀sìn sí abẹ́ àwòrán náà.

Ìtàn náà kì í lọ tààrà. Eré orí ìtàgé, ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò àti orin ń já lu ara wọn, èyí sì lè sú ẹni tó fẹ́ràn àlọ́ tó ní orí àti ìdí. Ṣùgbọ́n ẹni tí wọ́n kọ́ láti kórìíra èdè ara rẹ̀, tí àwọn tó kọ́ ọ tún wá ń lé e, báwo ni ìtàn tirẹ̀ ṣe fẹ́ gún régé? Nígbẹ̀yìn, ọkùnrin náà sá wọgbó, ó ń ké tantan, àwòrán àwọn ajàjàgbara bíi Patrice Lumumba àti Malcolm X sì ń yọ sí i láàárín igi.

Soleil Ô wà lára àwọn fíìmù tó gba àmì ẹ̀yẹ tó ga jù ní àjọ̀dún fíìmù Locarno ní 1970. Ní 2017, àjọ tí Martin Scorsese dá sílẹ̀, UNESCO àti ẹgbẹ́ àwọn olùṣe fíìmù Áfíríkà fọwọ́ sowọ́ pọ̀ tún un ṣe, ọdún méjì ṣáájú ikú Hondo.